Ossie Davis: Ọmọ Georgia Tó Lọ Ya Fíìmù Nílẹ̀ Wa

   

Nígbà tí a bá fẹ́ sọ ìtàn àwọn ẹni ńlá ìdí eré tó ti kọjá lọ, ilé ni a sábà máa ń wò. A ó mẹ́nu ba Hubert Ògúndé, a ó mẹ́nu ba Dúró Ládiípọ̀, a ó mẹ́nu ba Adéyẹmí Afọláyan tí gbogbo ayé mọ̀ sí Ade Love. Lọ́tẹ̀ yìí a fẹ́ yà bàrá díẹ̀. Ẹni tí a fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ kì í ṣe Yorùbá. Ọmọ Georgia níbí ni. Ṣùgbọ́n ó dé ilẹ̀ wa, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, kò sì lọ ṣe fàájì. Iṣẹ́ ló gbé lọ, iṣẹ́ náà kò sì rọrùn fún un.

Ọ̀pọ̀ wa mọ ojú Ossie Davis. Òun ni bàbá ọ̀mùtí tí wọ́n ń pè ní Da Mayor nínú Do the Right Thing, fíìmù tí Spike Lee gbé jáde ní 1989. Àwọn tó ti pẹ́ díẹ̀ ní Amẹ́ríkà yóò rántí rẹ̀ nínú Evening Shade lórí tẹlifíṣọ̀n láàárín 1990 sí 1994. Ohùn rẹ̀ rinlẹ̀, ohùn àgbà tó ń parí ìjà ni. Ohun tí kò yé ọ̀pọ̀ ènìyàn ni pé ojú àti ohùn yìí kọ́ ni ó kà sí iṣẹ́ rẹ̀ gan-an. Òǹkọ̀wé ló fẹ́ jẹ́ láti kékeré. Ó kọ eré orí ìtàgé, ó kọ eré fíìmù, ó ṣe alábòójútó ẹ̀yìn ìtàgé, ó sì darí fíìmù. Iṣẹ́ tó ṣe lẹ́yìn kámẹ́rà ni a fẹ́ sọ jù, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti kan tiwa.

Ọjọ́ 18 oṣù December 1917 ni wọ́n bí i ní Cogdell, ìlú kékeré kan ní Clinch County, ní ìsàlẹ̀ Georgia. Waycross ni ó ti lọ ilé ìwé gíga. Àwọn tó ń wakọ̀ lọ sí Florida lórí I-75 nígbà ìsinmi, bí ẹ bá dé Tifton tí ẹ yà sọ́wọ́ òsì gba ọ̀nà 82, ẹ ó dé Waycross. Raiford Chatman Davis ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́. Nígbà tí ìyá rẹ̀ ń pe lẹ́tà méjì ìbẹ̀rẹ̀ orúkọ náà, R.C., fún akọ̀wé ìjọba, ohùn àwọn ará gúúsù ló fi pè é, akọ̀wé sì gbọ́ ọ sí Ossie. Ohun tó gbọ́ ló kọ sílẹ̀, ohun tó kọ ló sì mọ́ ọmọ lórí títí ọjọ́ ikú. Àwa tí a ń fi ọjọ́ mẹ́jọ gbáko ronú orúkọ ọmọ, ẹ wò bí akọ̀wé ṣe sọ ọmọ ẹlẹ́ni lórúkọ ní ìṣẹ́jú kan!

Kince Davis, bàbá rẹ̀, jẹ́ òṣìṣẹ́ rélùwéè. Òun ló ń darí àwọn tó ń tẹ́ irin ọkọ̀ ojú irin. Ní Georgia ìgbà náà, àwọn òyìnbó kan gbà pé irú iṣẹ́ ọ̀gá bẹ́ẹ̀ ti ga ju ti aláwọ̀ dúdú lọ, àwọn Ku Klux Klan sì halẹ̀ mọ́ ọn pé àwọn yóò yìnbọn pa á. Bàbá yìí tún mọ ewé àti egbò, ó ń ṣe oògùn fún àwọn ènìyàn. Ẹni tó bá dàgbà ní Ìjẹ̀bú tàbí Ìbàdàn yóò mọ irú ilé bẹ́ẹ̀ lójú ẹsẹ̀.

Ohun kan ṣẹlẹ̀ sí i nígbà tó wà ní ọmọ ọdún 6 tàbí 7. Àwọn ọlọ́pàá òyìnbó rí i lójú ọ̀nà, wọ́n ní kó wọ inú ọkọ̀ wọn, wọ́n sì gbé e lọ sí àgọ́ wọn. Wọ́n ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n sì da omi ìrèké tó ki lé e lórí. Nígbà tí wọ́n rẹ́rìn-ín tẹ́rùn, wọ́n fún un ní ẹ̀pà tí wọ́n fi ṣúgà dì, wọ́n ní kó máa lọ sílé. Ó jẹ ẹ̀pà náà. Kò sọ fún bàbá, kò sọ fún ìyá. Ó ti darúgbó kó tó kọ ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé tí òun àti ìyàwó rẹ̀ jọ kọ ní 1998. Ohun tó ń dùn ún kì í ṣe omi ìrèké. Ó ń dùn ún pé òun tí òun jẹ́ ọmọdé ti bá wọn ṣe eré náà, òun ti gba ipa tí wọ́n kọ fún òun láìjanpata. A rò pé ẹni tó bá fẹ́ mọ ìdí tí ọkùnrin yìí fi fi gbogbo ayé rẹ̀ lé ẹni tó mú kálàmù mọ́lẹ̀, kó má gbàgbé ọmọ kékeré tó ń jẹ ẹ̀pà lọ sílé.

Ní 1935, ó gba ìlú Washington lọ sí Yunifásítì Howard. Kò sí owó ọkọ̀. Ó ń nawọ́ sí ọkọ̀ ọlọ́kọ̀ lójú ọ̀nà títí ó fi débẹ̀, ó sì ń gbé lọ́dọ̀ àwọn àǹtí rẹ̀. Alain Locke, ọ̀mọ̀wé ńlá, wà lára àwọn olùkọ́ rẹ̀. Locke ló gbà á níyànjú pé bó bá fẹ́ kọ eré, kó lọ sí Harlem, kó kọ́ bí ìtàgé ṣe ń ṣiṣẹ́ láti inú rẹ̀. Ní Ọjọ́ Àjíǹde 1939 ó wà láàárín ogunlọ́gọ̀ tó gbọ́ orin Marian Anderson ní iwájú ère Lincoln, lẹ́yìn tí wọ́n ti kọ̀ kí obìnrin náà kọrin nínú gbọ̀ngàn kan nítorí àwọ̀ rẹ̀. Ọdún yẹn náà ló fi Howard sílẹ̀ láìgba oyè, ó sì wọ ẹgbẹ́ òṣèré Rose McClendon ní Harlem. Àwa òbí Yorùbá kò ní fẹ́ kí ọmọ wa gbọ́ apá yìí, ṣùgbọ́n bó ṣe rí nìyẹn.

Ogun dé. Wọ́n mú un wọṣẹ́ ológun ní 1942, wọ́n sì fi í sí ẹ̀ka ìṣègùn. Ibo ni wọ́n gbé e lọ? Liberia! Ó ń ṣiṣẹ́ nínú yàrá iṣẹ́ abẹ ní ọsibítù àwọn ológun. Lẹ́yìn náà wọ́n gbé e sí ẹ̀ka tó ń dá àwọn sójà lára yá, ó sì ń kọ eré fún wọn. Nítorí náà, nígbà tí ó padà wá sí Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà lẹ́yìn ọdún 25 láti ya fíìmù, kì í ṣe àlejò tó ń rí ilẹ̀ náà fún ìgbà àkọ́kọ́.

Ní 1946 ó ṣe eré Jeb ní Broadway. Níbẹ̀ ló ti pàdé Ruby Dee. Wọ́n ṣe ìgbéyàwó ní ọjọ́ 9 oṣù December 1948, ní ọjọ́ kan tí wọn kò ní ìdánrawò. Bọ́ọ̀sì ni wọ́n wọ̀ lọ sí New Jersey. Kò sí aṣọ ẹbí, kò sí onílù. Ìgbéyàwó náà sì pé ọdún 56 kí ikú tó yà wọ́n. Ọmọ mẹ́ta ni wọ́n bí.

Iṣẹ́ kò fi bẹ́ẹ̀ wá fún wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950, nítorí wọ́n ń sọ̀rọ̀ síta ní ìgbà tí ìjọba àti àwọn oníṣòwò fíìmù ń dẹ ẹnikẹ́ni tí wọ́n bá fura sí. Ní 1953 Davis gba iṣẹ́ alábòójútó ẹ̀yìn ìtàgé fún eré kan tí wọ́n fà yọ láti inú ìtàn àwọn Júù, The World of Sholom Aleichem. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti rí i pé iná tàn lásìkò, pé aṣọ ìtàgé ṣí lásìkò, pé òṣèré kò pẹ́ẹ́ wọlé. Láti ibi òkùnkùn tó dúró sí, ó ń wo bí àwọn Júù ṣe ń fi ìyà tó jẹ wọ́n rẹ́rìn-ín, tí ẹ̀rín náà sì ń gún ẹni tó fi ìyà jẹ wọ́n. Ó ti ń kọ eré kan nípa Georgia nígbà náà, eré ìbínú gbáà. Ó yí i padà di eré ẹ̀rín.

Eré náà ni Purlie Victorious, tó jáde ní Broadway ní oṣù September 1961. Oníwàásù kan padà sí oko òwú ní Georgia, ó fẹ́ fi ọgbọ́n gba 500 dọ́là ogún ìdílé rẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀gá òyìnbó, kí ó lè fi ra ilé tí wọ́n fi ń ṣe ìsìn nígbà kan rí padà. Ọmọbìnrin kan ló ní kó wá ṣe bí ẹni pé òun ni ìbátan tó ti kú. Ẹni tó bá ti wo Aláwàdà Baba Sàlá rí, kò sí ohun tó máa ṣókùnkùn sí i níbẹ̀. Davis fúnra rẹ̀ ló ṣe oníwàásù, Ruby Dee ṣe ọmọbìnrin náà. Ìgbà 261 ni wọ́n ṣe é. Dókítà Martin Luther King, ọmọ Atlanta wa, lọ wò ó. Davis sọ ọ́ di fíìmù ní 1963, òun náà ló kọ ọ́, wọ́n pè é ní Gone Are the Days! Fíìmù náà kò pa owó. Ṣùgbọ́n eré náà kò kú: wọ́n sọ ọ́ di eré olórin ní 1970, wọ́n sì tún gbé e padà sí Broadway ní 2023, lẹ́yìn tí ẹni tó kọ ọ́ ti kú fún ọdún 18.

A kò ní pẹ́ lórí iṣẹ́ ìjà ẹ̀tọ́, nítorí àwọn ọmọ wa ń kọ́ ọ nílé ìwé. Òun àti Ruby Dee wà lára àwọn tó darí ètò ní ìwọ́de Washington ní 1963, òun ló sì sọ̀rọ̀ ìdágbére níbi òkú Malcolm X ní Harlem ní oṣù February 1965, ní ìgbà tí ọ̀pọ̀ gbajúmọ̀ ń sá fún òkú náà.

Nígbà tó wá di 1969, Hollywood fún un ní fíìmù láti darí. Ìwé Chester Himes ni wọ́n ń lò, Cotton Comes to Harlem, Davis sì wà lára àwọn tó kọ eré náà. Ní òpópónà Harlem gan-an ló ti ya á. Ìtàn náà yẹ kí ó pa àwa ará ilẹ̀ òkèèrè lẹ́rìn-ín: òjíṣẹ́ Ọlọ́run kan ń gba owó lọ́wọ́ àwọn òtòṣì pé òun yóò fi ọkọ̀ ojú omi kó wọn padà sí Áfíríkà. Jìbìtì ni. 87,000 dọ́là sọnù sínú ìdì òwú kan, gbogbo ènìyàn ń sáré wá a, ẹni tó sì rí i ní ìkẹyìn ni bàbá arúgbó kan tó ń ṣa páńtí. Bàbá náà kó owó, ó bá ẹsẹ̀ rẹ̀ sọ̀rọ̀, ó lọ ń jayé ní Ghana! Fíìmù náà jáde ní 1970, ó sì mú owó ńlá wọlé. Hollywood rí i pé àwọn aláwọ̀ dúdú ń sanwó láti wo ara wọn.

Ibi tí ẹlòmíràn ì bá ti jókòó máa ka owó nìyẹn. Davis gba Nàìjíríà lọ.

Francis Oládélé, ọmọ Yorùbá tó dá ilé iṣẹ́ Calpenny sílẹ̀, ló fẹ́ sọ Kongi's Harvest, eré Wọlé Ṣóyínká, di fíìmù. Owó wá láti Nàìjíríà, láti Amẹ́ríkà àti láti Sweden. Ṣóyínká kò tíì pẹ́ jáde lẹ́wọ̀n. Láti 1967 ni ìjọba ológun ti tì í mọ́lé, ní oṣù October 1969 ni wọ́n tú u sílẹ̀. Òun ló kọ eré fíìmù náà, òun náà ló ṣe Kongi, olórí ìlú tó fẹ́ kí Ọba gbé iṣu tuntun lé òun lọ́wọ́ níwájú gbogbo ayé. Orlando Martins, àgbà òṣèré ọmọ Èkó tó ti ṣe fíìmù ní London fún ọ̀pọ̀ ọdún, wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ossie Davis ni olùdarí. Ẹ wo ìpàdé yẹn: ọmọ Ẹ̀gbá tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò lẹ́wọ̀n, ọmọ Waycross tí ọlọ́pàá da omi ìrèké lé lórí, wọ́n jọ ń ya ìtàn Ọba àti aṣebíọba ní ilẹ̀ Yorùbá ní 1970, ọdún tí ogun abẹ́lé parí. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ń kọ ìtàn sinimá ló ka fíìmù yìí mọ́ àwọn àkọ́kọ́ tí ilé iṣẹ́ ọmọ Nàìjíríà gbé jáde.

Kò dùn ní ìparí. Nígbà tí wọ́n gé fíìmù náà tán, Ṣóyínká ní ohun tó jáde kì í ṣe ohun tí òun kọ, ó sì yọ ọwọ́ rẹ̀ kúrò. Àwa rò pé ó ní ẹ̀tọ́ láti bínú. A sì rò pé Davis, tí orúkọ rẹ̀ wà lórí fíìmù gẹ́gẹ́ bí olùdarí, kò lè bọ́ nínú ẹ̀bi náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn olówó mẹ́ta láti ilẹ̀ mẹ́ta ló wà nídìí rẹ̀. Ìyà ọ̀rọ̀ náà ni pé òun gan-an ni ì bá kọ́kọ́ mọ bó ṣe ń dun òǹkọ̀wé.

Ó padà sí New York, ó sì ṣe ohun tí a kà sí iṣẹ́ rẹ̀ tó wúlò jù. Ní 1971, òun àti Hannah Weinstein, James Earl Jones, Diana Sands àti Rita Moreno dá Third World Cinema sílẹ̀. Kì í ṣe òṣèré ni wọ́n ń wá. Wọ́n fẹ́ kọ́ àwọn ọmọ aláwọ̀ dúdú àti ọmọ Puerto Rico ní iṣẹ́ ẹ̀yìn kámẹ́rà: ẹni tó ń gbé kámẹ́rà, ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀, ẹni tó ń gé fíìmù. Àwọn iṣẹ́ wọ̀nyẹn wà lọ́wọ́ àwọn ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ tí wọn kì í fẹ́ gba aláwọ̀ dúdú wọlé. Davis ti rí i pé bí ìwọ bá kọ eré, tí ẹlòmíràn ń tan iná sí i, tí ẹlòmíràn tún ń gé e, eré náà kò tíì di tìrẹ. Claudine, tó jáde ní 1974, ti ilé iṣẹ́ yìí wá.

Lẹ́yìn náà ni ó tún lọ sí Èkó. Lọ́tẹ̀ yìí àwọn obìnrin ló wá owó. Delta Sigma Theta, ẹgbẹ́ àwọn obìnrin tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Howard ní 1913, fẹ́ ṣe fíìmù tí kò ní fi aláwọ̀ dúdú ṣe olè àti oníṣòwò oògùn olóró. Ọ̀pọ̀ wa mọ àwọn ìyá wọ̀nyí ní Atlanta. A ń bá wọn ṣiṣẹ́, a sì ń rí wọn nínú aṣọ pupa wọn. Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ dá owó jọ. Davis àti Ladi Ládébọ̀, ọmọ Nàìjíríà, wà lára àwọn tó kọ ọ́ tí wọ́n sì ṣe agbátẹrù rẹ̀. Countdown at Kusini ni wọ́n pè é: olórí àwọn ajìjàgbara kan ní ilẹ̀ Áfíríkà, ilé iṣẹ́ òyìnbó ńlá tó háyà apànìyàn láti pa á, àti olórin ọmọ Amẹ́ríkà kan tó kó sáàárín wọn. Davis ló darí, òun náà ló ṣe olórí náà. Manu Dibango ọmọ Cameroon ló ṣe orin rẹ̀.

Fíìmù náà jáde ní 1976. Kò pẹ́ lójú agbo rárá. Owó tí àwọn ìyá dá kò padà bí wọ́n ti retí, ọ̀rọ̀ náà sì dá awuyewuye sílẹ̀ nínú ẹgbẹ́ wọn. Ẹni tó bá ti dá owó fún gbọ̀ngàn ẹgbẹ́ rí, tí kò rí gbọ̀ngàn, kò nílò àlàyé.

Kí ló fà á? Ohun kan wà tí àwa gẹ́gẹ́ bí Yorùbá kò lè fojú fò. Ní 1976 yẹn náà ni Ajani Ogun jáde nílé, fíìmù tí Ọlá Balógun darí, tí Ade Love àti Dúró Ládiípọ̀ ṣe. Èdè Yorùbá ni wọ́n ń sọ níbẹ̀, orin wà, ìjà wà, àwọn ènìyàn sì ń ti ara wọn ní ẹnu ọ̀nà sinimá. Kongi's Harvest àti Countdown at Kusini, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń sọ. Davis ti mọ̀ pé ọwọ́ wa ló yẹ kí kálàmù àti kámẹ́rà wà. Ohun tí àwọn eléré alárìnkiri wa mọ̀ ní tiwọn, tí kò sí nínú fíìmù méjèèjì, ni pé ahọ́n ìyá Àlàbá ọlọ́jà ló ń pe ìyá Àlàbá wá sí sinimá. Davis kò gbọ́ Yorùbá, a kò sì lè bá a wí fún ìyẹn. Ládébọ̀ ṣì ń ṣe fíìmù nílé ní ọdún púpọ̀ lẹ́yìn náà.

Lẹ́yìn 1976 Davis kò darí fíìmù ńlá fún sinimá mọ́. Ó padà sí iwájú kámẹ́rà. Ìgbà tí Spike Lee ń ya School Daze ní Atlanta níbí, ní ọgbà àwọn yunifásítì aláwọ̀ dúdú wa, òun ló ṣe olùkọ́ bọ́ọ̀lù nínú rẹ̀. Fíìmù náà jáde ní 1988. Nínú Malcolm X ti 1992, ohùn rẹ̀ ni a gbọ́ tó ń tún ọ̀rọ̀ ìdágbére 1965 sọ. Ní 2004 wọ́n bu ọlá fún òun àti Ruby Dee pọ̀ ní Kennedy Center.

Ọjọ́ 4 oṣù February 2005 ni ó kú ní Miami Beach, ní yàrá hòtẹ́ẹ̀lì. Ó lọ ṣe fíìmù ni. Orúkọ fíìmù náà ni Retirement, ìyẹn ìfẹ̀yìntì. Ẹni ọdún 87 ni. Wọ́n ṣe ìsìnkú rẹ̀ ní Riverside Church ní New York. Ruby Dee tẹ̀lé e ní oṣù June 2014, wọ́n sì kó eérú àwọn méjèèjì sínú ìkòkò kan náà, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti fẹ́.

A bẹ̀ yín o: Kongi's Harvest ṣòro láti rí. Bí ẹnikẹ́ni nínú yín bá ní in, ìbáà ṣe fídíò àtijọ́ tí ó ti ń ha, kí ẹ jọ̀wọ́ bá akọ̀wé ẹgbẹ́ sọ̀rọ̀. A fẹ́ wò ó pẹ̀lú àwọn ọmọ ní ọ̀sán Sátidé kan, kí wọ́n rí Ṣóyínká ní èwe rẹ̀, kí wọ́n sì ka orúkọ ọmọ Waycross lójú agbo. Ìyá kan ti ṣèlérí ẹ̀wà àti dòdò.